Àwìn Tó Gbé Ìyanṣẹ́lódì 1945 Ró

Ní òru ọjọ́ 21, oṣù kẹfà, ọdún 1945, àwọn òṣìṣẹ́ rélùwéè ní Ẹbúté Mẹ́ta gbé irinṣẹ́ sílẹ̀. Kò pẹ́ tí àwọn ará ilé ìfìwéránṣẹ́ àti àwọn tó ń tẹ wáyà fi tẹ̀ lé wọn, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba yòókù náà sì dara pọ̀. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ 17 ló lọ́wọ́ sí i, iye ènìyàn tó yanṣẹ́ lódì sì lé ní 30,000. Ohun tí wọ́n ń béèrè kò ṣòro láti lóye. Wọ́n fẹ́ kí owó iṣẹ́ òòjọ́ ẹni tó kéré jù má ṣe dín ní ṣílè méjì àti sísì, kí ìjọba sì fi ìdajì lé owó ìrànwọ́ tó ń san nítorí ọ̀wọ́n-gógó.

Bí àwọn àgbà bá ń sọ ìtàn yìí, Michael Imoudu ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ dárúkọ, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Òun ni ààrẹ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ rélùwéè. Ìjọba ti mú un ní 1943, wọ́n lé e lọ sí Auchi, wọn kò sì dá a sílẹ̀ títí di 1945. Ọjọ́ tó padà dé Èkó, èrò tó lọ pàdé rẹ̀ kò lóǹkà. Lẹ́yìn Imoudu, àwọn ìwé ìròyìn Azikiwe ni wọ́n máa ń mẹ́nu bà, nítorí pé ìjọba fòfin de West African Pilot àti Daily Comet ní oṣù keje ọdún náà torí bí wọ́n ṣe gbè sẹ́yìn àwọn òṣìṣẹ́.

Ìyanṣẹ́lódì náà sì lé ní oṣù kan kó tó parí. Kí ni ẹni tí kò rí kọ́bọ̀ gbà ní gbogbo àkókò yẹn ń jẹ? Ta ló ń bọ́ ọmọ rẹ̀? Ọjà ni ìdáhùn wà: Èrèkò, Ọyìngbò, Fàájì, Ẹbúté Èrò. Àwọn obìnrin tó pa àtẹ níbẹ̀ ló ń bọ́ ìlú nígbà tí owó oṣù dáwọ́ dúró. Ìtàn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ilẹ̀ wa kò tíì pé bí a bá yọ wọ́n kúrò nínú rẹ̀, wọ́n sì yọ wọ́n kúrò fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ìjà kò ṣàjèjì sí àwọn obìnrin wọ̀nyí nígbà tí 1945 dé. Láti nǹkan bí 1920 sókè ni Ẹgbẹ́ Àwọn Obìnrin Ọlọ́jà Èkó ti wà, Àlímọ́tù Pẹlẹ́wùrà sì ni aṣáájú wọn. Ẹja ni ìyá Pẹlẹ́wùrà tà, ẹja ni òun náà tà. Mùsùlùmí ni, kò mọ̀wé kà, kò sì lè kọ ọ́. Ṣùgbọ́n kí 1910 tó kọjá, òkìkí rẹ̀ ti kàn débi pé Ọba Èṣùgbàyí Ẹlẹ́kọ fún un ní oyè. Nígbà tó yá, àwọn ará ọjà Èrèkò fi í ṣe alága wọn. Ní 1932, ó wọ ìgbìmọ̀ ìlú, níbi tí àwọn ìjòyè àti àgbààgbà ti ń gba ọba nímọ̀ràn. Òun àti Herbert Macaulay jọ ń ṣe ni. Ọ̀gbẹ́ni Macaulay mọ gẹ̀ẹ́sì, ó sì mọ òfin. Ìyá ọlọ́jà náà ní èrò lẹ́yìn. Àwọn obìnrin kò lè dìbò fún ẹgbẹ́ òṣèlú tí Macaulay dá sílẹ̀ ní 1923, síbẹ̀ ẹgbẹ́ náà kò lè rìn jìnnà ní Èkó láìsí wọn.

Láàárín 1930 sí 1940, ìjọba gbèrò láti kó ọjà Èrèkò kúrò níbi tó wà lọ sí Olúwọlé. Pẹlẹ́wùrà àti àwọn kan nínú àwọn obìnrin náà kọ̀, wọ́n ní àwọn kò lọ. Ọlọ́pàá mú wọn, wọ́n tì wọ́n mọ́lé. Ni àwọn obìnrin ìlú bá tú jáde, títí ìjọba fi dá wọn sílẹ̀. Ọjà náà kò kúrò níbi tó wà.

Ti owó orí ló tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù kejìlá 1940, òfin kan jáde pé obìnrin Èkó tí owó tó ń wọlé fún un lọ́dún bá ju £50 lọ gbọ́dọ̀ san owó orí. Ní 1932 irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ti tàn kálẹ̀, àwọn obìnrin rán aṣojú lọ bá ìjọba, wọ́n sì fi wọ́n lọ́kàn balẹ̀ pé kò sí ohun tó jọ ọ́. Ọdún mẹ́jọ péré lẹ́yìn ìlérí yẹn ni òfin yìí dé. Ní ọjọ́ 16 oṣù náà, àwọn obìnrin rọ́ lọ sí ọ́fíìsì Kọmíṣánnà Kólónì. Wọ́n mú ìwé ẹ̀bẹ̀ dání. Ẹni tó mọ̀wé ló bá wọn kọ ọ́, ṣùgbọ́n ìka ọwọ́ àwọn obìnrin fúnra wọn ló wà nísàlẹ̀ rẹ̀: ìka tí wọ́n tẹ̀ bọ inú tàdáwà, tí wọ́n sì tẹ̀ sórí ìwé lọ́kọ̀ọ̀kan, ó lé ní ọgọ́rùn-ún. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n pe ìpàdé sí Gbọ̀ngàn Glover, ẹgbẹẹgbẹ̀rún obìnrin ló sì péjú.

Ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ níbẹ̀ mú ọgbọ́n dání. Ogun Hítílà ti ba òwò jẹ́, ọkọ àti ọmọ ń bẹ lọ́rùn wọn, wọn kò sì lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò. Lákòókò náà, ọkùnrin tó ń rí £100 lọ́dún nìkan ló lè dìbò ní Èkó. Báwo ni wọn yóò ṣe gba owó orí lọ́wọ́ ẹni tí kò ní ẹnu nínú ìjọba? Ọ̀sẹ̀ yẹn kò tíì parí tí ìjọba fi gbé gbèdéke náà láti £50 lọ sí £200. Ẹní mọ bí ọjà ṣe rí nígbà náà mọ̀ pé bí ìgbà tí wọ́n yọ gbogbo obìnrin ọjà kúrò ni.

Bí ogun ti ń le sí i, ìjà mìíràn dé, èyí tó gùn jùlọ. Iyọ̀, epo kẹrosíìnì, aṣọ, ìrẹsì, gbogbo rẹ̀ wọ́n. Ní 1941, ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í dá iye lé oúnjẹ, Kápúténì A. P. Pullen ni wọ́n sì fi ṣe alábòójútó ètò náà. Pullen gbà pé àwọn obìnrin ọlọ́jà ló fà á tí oúnjẹ fi wọ́n, àti pé bí ìjọba bá gba gàárì lọ́wọ́ wọn, tó ń tà á fúnra rẹ̀, ara yóò tu ìlú.

Ẹ jẹ́ ká tọ gàárì náà lẹ́sẹ̀, láti oko dé àtẹ, ká lè rí ibi tí ọ̀rọ̀ ti wọ́. Ìjẹ̀bú ni púpọ̀ nínú gàárì tí Èkó ń jẹ ti ń wá. Obìnrin kan ti bó ẹ̀gẹ́, ó ti rìn ín, ó ti fi òkúta tẹ̀ ẹ́ nínú àpò kí omi rẹ̀ lè gbẹ, ó ti dúró ti agbada nínú èéfín kó tó di gàárì. Alájàpá rà á lọ́wọ́ rẹ̀. Alárù gbé e dé etí ọ̀sà, ọlọ́kọ̀ ojú omi gba tirẹ̀, alárù mìíràn tún dúró ní Ẹbúté Èrò. Níbẹ̀ ni alárobọ̀ ti rà á láwìn, tó wọ̀n ọ́n ní kóńgò kọ̀ọ̀kan fún ìyàwó òṣìṣẹ́, tó sì ní láti padà lọ san owó náà kó tó rí òmíràn gbà. Gbogbo ọwọ́ wọ̀nyí ló ní ohun tó yẹ kó kàn án. Nígbà tí Pullen dá iye kan lé gàárì láìka owó ọkọ̀, owó alárù àti owó tí wọ́n fi rà á lóko, ohun tó ń sọ ni pé kí àwọn obìnrin wọ̀nyí máa fi owó tiwọn bọ́ Èkó.

Ohun tó sì yẹ kó ṣẹlẹ̀ náà ló ṣẹlẹ̀. Gàárì kúrò lórí àtẹ, ó di ohun tí wọ́n ń tà ní kọ̀rọ̀, lóru, ní iye tó ga ju ti ìṣáájú lọ. Níbi tí ìjọba ti ń ta tirẹ̀, èrò a tò láti òwúrọ̀, gàárì a sì tán kó tó kan ọ̀pọ̀. Wọ́n ń mú àwọn obìnrin, wọ́n ń bu owó ìtanràn lé wọn pé wọ́n ta ọjà kọjá iye ìjọba. Nígbà kan náà, àwọn ilé-iṣẹ́ òyìnbó tó ń kó ọjà wọ̀lú ń ṣe ohun tó burú ju ìyẹn lọ: obìnrin tó bá fẹ́ ra iyọ̀ tàbí aṣọ tó ń tà, àfi kó tún ra ẹrù mìíràn tí ẹnikẹ́ni kò béèrè pọ̀ mọ́ ọn. Kò sí ẹni tó ń mú wọn.

Pullen gbìyànjú láti fi owó pa Pẹlẹ́wùrà lẹ́nu mọ́. Wọ́n ní kó wá bá ìjọba ṣe ètò náà, àwọn yóò máa san £100 fún un lóṣooṣù. Owó ńlá ni. Òṣìṣẹ́ tó ń jà fún ṣílè méjì àti sísì lójúmọ́ yóò ṣiṣẹ́ ju ọdún méjì lọ kó tó rí iye bẹ́ẹ̀. Ìyá ọlọ́jà náà kọ̀ ọ́. Ó ní bó bá tiẹ̀ jẹ́ pé wákàtí kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń san án, òun kò ní bá wọn fi ebi pa ilẹ̀ tí wọ́n ti bí òun. Ètò Pullen wọ́ títí di 1945 kí ìjọba tó tú u ká.

Ibí yìí ni ó yẹ kí òǹkàwé dúró díẹ̀. Òṣìṣẹ́ ń fẹ́ gàárì olówó pọ́ọ́kú. Ọlọ́jà fẹ́ tà á ní iye tó bá rí. Ìjọba ti fi ọdún mẹ́rin sọ fún òṣìṣẹ́ pé ìyá tó ń ta gàárì fún un ni ọ̀tá rẹ̀. Bí àwọn méjèèjì bá kọjú ìjà síra wọn ní 1945, kò ní ya ẹnikẹ́ni lẹ́nu. Wọn kò ṣe bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí ọjọ́ tí àwọn òṣìṣẹ́ dá ń sún mọ́, T. A. Bankole tó jẹ́ ààrẹ àpapọ̀ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ kéde pé kí wọ́n sún ìyanṣẹ́lódì náà síwájú. Àwọn òṣìṣẹ́ kò gbọ́ tirẹ̀. Ìjọba wá àwọn ẹlòmíràn láti máa ṣe iṣẹ́ rélùwéè, wọ́n rò pé bí ebi bá ti pa àwọn ènìyàn náà fún ọ̀sẹ̀ kan, wọn yóò padà. Ní àkókò yìí ni àwọn obìnrin ọlọ́jà wọlé. Pẹlẹ́wùrà lọ sí ìpàdé àwọn òṣìṣẹ́, ó sì ṣèlérí pé ọjà wà lẹ́yìn wọn. Àwọn obìnrin dá owó sí àpò ìrànwọ́ tí wọ́n gbé kalẹ̀ fún àwọn tó yanṣẹ́ lódì. Wọn kò jẹ́ kí iye oúnjẹ fò sókè. Wọ́n sì tà láwìn.

Àwìn yẹn wúwo ju bí ẹni tí kò tajà rí ṣe lè rò lọ. Owó àjọ àti èésú ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn obìnrin náà fi bẹ̀rẹ̀ òwò. Alárobọ̀ kò ní ojú owó tó lè sùn lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, márùn-ún. Obìnrin tí kò mọ̀wé a máa fi ẹfun fa ìlà sára ògiri: ìlà kan fún kóńgò gàárì, òmíràn fún ẹja, inú orí rẹ̀ sì ni orúkọ oníkálùkù wà. Bí òṣìṣẹ́ kò bá san, alárobọ̀ kò ní san fún alájàpá, alájàpá kò ní rí ojú padà lọ bá obìnrin tó dín gàárì lóko. Gbèsè náà ń wọ́ láti Ẹbúté Mẹ́ta dé Ìjẹ̀bú. Bí ìjọba bá ṣẹ́gun, tí wọ́n lé àwọn òṣìṣẹ́ kúrò, owó wọ̀nyí lọ nìyẹn. Àwọn obìnrin náà mọ̀ bẹ́ẹ̀, wọ́n sì tún bu gàárì.

Nínú ilé òṣìṣẹ́ pàápàá, bákan náà ni. Ìyàwó tó ń din àkàrà, tó ń ta ata, tó ń ran aṣọ, owó tirẹ̀ kò dúró nígbà tí ti ọkọ dúró. Ilé tí aya kò ti ń tajà ló kọ́kọ́ mọ oró ìyanṣẹ́lódì náà.

Nígbà tí ó parí, ìjọba gbé ìgbìmọ̀ kan kalẹ̀ lábẹ́ W. Tudor Davies láti yẹ owó oṣù àti iye tí ènìyàn ń ná láti jẹun wò. Àwọn òṣìṣẹ́ borí: ìgbìmọ̀ náà ní kí wọ́n fi ìdajì lé owó ìrànwọ́ wọn. Ṣùgbọ́n níwájú ìgbìmọ̀ yìí ni ọ̀rọ̀ obìnrin ti dà rú. Àwọn ọ̀gá ìjọba sọ pé ìyàwó òṣìṣẹ́ Yorùbá ń ṣòwò, ó ń bọ́ ara rẹ̀ àti ọmọ, nítorí náà kò sí ìdí tí owó oṣù ọkùnrin fi ní láti tó ìdílé jẹ. Òyìnbó tó ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní tirẹ̀ ń gba owó nítorí aya àti ọmọ. Láti fèsì, àwọn aṣáájú òṣìṣẹ́ sọ pé ọkùnrin ló ń gbọ́ bùkátà ilé, pé èrè tí obìnrin ń jẹ kò tó nǹkan, pé ọkùnrin ni aya àti ọmọ ń wò.

A lè lóye ìdí tí wọ́n fi sọ bẹ́ẹ̀. Bí wọ́n bá jẹ́wọ́ pé owó ìyàwó ló ń gbé ilé ró, ìjọba yóò fi ìyẹn dín owó wọn. Síbẹ̀ ó dunni. Àwọn obìnrin tó fi ojú owó wọn gbé ìjà náà fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan ni wọ́n wá sọ di ẹni tí ń jókòó de owó ọkọ nínú ìwé ìjọba. Ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ kò sì tán síbẹ̀. Òun ni ọ̀pọ̀ ìwé tó tẹ̀ lé e gbára lé.

Ní Abẹ́òkúta, ọ̀nà mìíràn ni ìjà gbà. Níbẹ̀, láti 1918 ni àwọn obìnrin ti ń san owó orí, àwọn tó ń ta ìrẹsì sì rí i bí wọ́n ṣe ń gba ọjà wọn lórí ọ̀rọ̀ ìdíyelé nígbà ogun. Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, tíṣà tí ọkọ rẹ̀ jẹ́ aṣáájú ẹgbẹ́ àwọn olùkọ́, so àwọn obìnrin tó mọ̀wé àti àwọn ọlọ́jà pọ̀ nínú Ẹgbẹ́ Àwọn Obìnrin Abẹ́òkúta ní 1946. Ní òpin 1947 wọ́n sùn sí ojúde ààfin. Ní oṣù kìíní 1949, Aláké Ládàpọ̀ Adémọ́lá fi oyè sílẹ̀. Ìtàn yẹn gbajúmọ̀, ó sì yẹ kó gbajúmọ̀, ṣùgbọ́n ó ti bo ti Èkó mọ́lẹ̀ díẹ̀, bóyá nítorí pé Fúnmiláyọ̀ lè kọ̀wé fúnra rẹ̀ tí Pẹlẹ́wùrà kò lè kọ.

Àwọn onímọ̀ ìbágbépọ̀ ẹ̀dá tó kọ́kọ́ kọ nípa òṣìṣẹ́ ilẹ̀ wa gba ojú ọ̀nà ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ wọlé. Robin Cohen tẹ ìwé kan jáde ní 1974 lórí òṣìṣẹ́ àti òṣèlú ní Nàìjíríà láti 1945 dé 1971. Ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́, aṣáájú àti ìjọba ló dá lé. Lákòókò náà, àwọn ọ̀mọ̀wé kan ń jiyàn pé òṣìṣẹ́ olówó oṣù ní Áfíríkà ti di ọlọ́lá, pé ó ń jẹ lórí àwọn mẹ̀kúnnù tó kù. Adrian Peace, tó ti gbé láàárín àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ Ìkẹjà ní Agége, kò gbà. Ó kọ ọ́ ní 1975 pé ohun tí òun rí ní Agége yàtọ̀.

Ìjà kan ti ṣẹlẹ̀ ṣáájú ìwé rẹ̀. Ní òpin 1970, ìgbìmọ̀ tí Simeon Adébọ̀ darí ní kí wọ́n fi owó kún owó òṣìṣẹ́ nítorí ọ̀wọ́n-gógó, ìjọba sì kọ́kọ́ yọ àwọn ilé-iṣẹ́ aládàáni tó ti fowó kún un láti 1964 sílẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ Ìkẹjà yanṣẹ́ lódì ní ìbẹ̀rẹ̀ 1971 títí wọ́n fi rí tiwọn gbà. Peace rí i pé àwọn olóúnjẹ, àwọn onílé, àwọn télọ̀ àti àwọn tó ń ta ọjà wẹ́wẹ́ wà lẹ́yìn wọn. Wọ́n mọ̀ pé owó oṣù ni yóò dé ọ̀dọ̀ àwọn. Bí òṣìṣẹ́ bá gba àfikún, olóúnjẹ yóò tajà. Bí wọ́n bá tẹ òṣìṣẹ́ mọ́lẹ̀, àtẹ yóò gbẹ. Kì í ṣe Pẹlẹ́wùrà ni Peace ń kọ nípa rẹ̀, ṣùgbọ́n ohun tó rí ní Agége tan ìmọ́lẹ̀ sí ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Èrèkò ní ọdún 26 ṣáájú.

Àwọn obìnrin ló wá fi orúkọ àwọn obìnrin náà padà sínú ìtàn. Ní 1982, Nina Mba tẹ ìwé rẹ̀ jáde lórí bí àwọn obìnrin gúúsù Nàìjíríà ṣe ṣe òṣèlú láti 1900 dé 1965, Cheryl Johnson sì kọ ní ọdún kan náà lórí ìjà wọn pẹ̀lú ìjọba amúnisìn, ti Pẹlẹ́wùrà sì wà níbẹ̀ lẹ́kùn-ún rẹ́rẹ́. Lẹ́yìn náà ni Lisa Lindsay gbé ọ̀rọ̀ rélùwéè yẹ̀ wò, nínú ìwé tó jáde ní 2003, tó fi hàn bí ìjà owó oṣù ṣe sọ ọkùnrin di olùgbọ́bùkátà kan ṣoṣo lójú ìjọba, ní ìlú tí àwọn ìyàwó kò jókòó lásán.

Púpọ̀ nínú ohun tí àwọn mẹ́ta yìí gbé ìwé wọn kà kò sá lọ, ó wà ní Ìbàdàn. Àwọn fáìlì Kọmíṣánnà Kólónì Èkó wà ní ilé àkójọ ìwé ìjọba, ìwé tí Macaulay fi pamọ́ sì wà ní Yàrá Ìkàwé Kenneth Dike ní Yunifásítì Ìbàdàn. Nígbà tí Pẹlẹ́wùrà kú ní 1951, wọ́n ní 25,000 ènìyàn ló tẹ̀ lé òkú rẹ̀. Ọdún kan ṣáájú ni àwọn obìnrin Èkó dìbò fún ìgbà àkọ́kọ́, nínú ìdìbò sí ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso ìlú. Ohun tó kù tí kò tíì sí ẹni tó gbà jọ dáadáa ni ti àwọn ìyá tí kò jẹ aṣáájú: àwọn alárobọ̀ Ọyìngbò àti Ẹbúté Èrò, iye tí wọ́n tà láwìn ní oṣù kẹfà àti oṣù keje 1945, iye tí wọ́n rí gbà padà nígbà tí àfikún owó oṣù dé, àti àwọn tí gbèsè náà lé kúrò lọ́jà. Àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ wọn ṣì ń tajà ní Èkó.